Àwọn Ọ̀dọ́mọbìnrin Inú Sinimá Àtijọ́ ní Ilẹ̀ Jàpáàn

Bí a bá sọ fún ẹ̀yin òǹkàwé wa pé ìgbà kan wà tí ìyàwó, ìyá àti wúndíá kún inú sinimá ilẹ̀ Jàpáàn, síbẹ̀ tí ó ṣọ̀wọ́n kí obìnrin kan wà láàrin wọn, ẹ ó rò pé àlọ́ ni a ń pa. Bẹ́ẹ̀ gan-an ni ó sì rí. Ní ọdún 1629 ni ìjọba ka eré orí ìtàgé léèwọ̀ fún àwọn obìnrin. Láti ìgbà náà ni àwọn ọkùnrin tí à ń pè ní onnagata ti ń kọ́ bí a ti ń rìn, tí a ń jókòó, tí a sì ń sunkún bí obìnrin. Òfin náà ti dẹ̀ kí sinimá tó dé, ṣùgbọ́n àṣà kò dẹ̀. Sinimá ìgbà náà kò sì fọhùn: benshi tí ó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ aṣọ funfun ni ó ń sọ̀rọ̀ fún tọkùnrin tobìnrin inú rẹ̀.

Ṣùgbọ́n ojú ẹ̀rọ kì í ṣe ojú èrò ìwòran. Ohun tí ó jìnnà sí ni lórí ìtàgé, ẹ̀rọ a gbé e wá síwájú imú ẹni. Kaeriyama Norimasa rí èyí, ó sì fi Hanayagi Harumi sínú sinimá rẹ̀ tí ó jáde ní ọdún 1919. Ní 1921, Kurishima Sumiko di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká. Ní 1922, àwọn onnagata kan bínú kúrò ní ilé-iṣẹ́ Nikkatsu. Àwa kò ní fi wọ́n ṣe ẹlẹ́yà. Iṣẹ́ tí ènìyàn fi ìgbà èwe rẹ̀ kọ́ kò ṣeé gbàgbé lóòjọ́. Ọ̀kan nínú àwọn onnagata Nikkatsu, Kinugasa Teinosuke, di olùdarí sinimá, ó sì gba ẹ̀bùn ńlá ní Cannes ní 1954.

Lóde Tokyo pẹ̀lú, àwọn ọ̀dọ́mọbìnrin ń já tíkẹ́ẹ̀tì nínú bọ́ọ̀sì, wọ́n ń dáhùn tẹlifóònù, wọ́n ń tajà ní ilé-ìtajà ńláńlá. Àwọn kan gé irun wọn kúrú, a sì ń pè wọ́n ní moga. Lójú tiwa, irun náà gba ariwo ju bí ó ti yẹ lọ. Oúnjẹ òòjọ́ ni púpọ̀ nínú àwọn òṣìṣẹ́ wọ̀nyí ń wá.

Nínú Hijosen no Onna, sinimá aláìfọhùn tí Ozu ṣe ní 1933, Tanaka Kinuyo jẹ́ ọ̀dọ́mọbìnrin tí ń fi ẹ̀rọ tẹ̀wé ní ọ́fíìsì lọ́sàn-án, tí ó sì jẹ́ olólùfẹ́ ìpáǹle kan lóru. Nígbà tí ọkùnrin náà fẹ́ sá fún ọlọ́pàá, ọ̀dọ́mọbìnrin yìí ni ó yìnbọn fún un lẹ́sẹ̀, kí àwọn méjèèjì lè jìyà wọn tán kí wọ́n sì tún ayé wọn bẹ̀rẹ̀. Ní 1953, Tanaka fúnra rẹ̀ darí sinimá tirẹ̀ àkọ́kọ́. Sakane Tatsuko sì ti ṣáájú rẹ̀ ní 1936.