Owó Ìsìnkú ní Tuskegee

Nílẹ̀ wa, a kì í fi ọwọ́ yẹpẹrẹ mú òkú àgbà. Bí bàbá bá kú, àwọn ọmọ á dáwó, ẹgbẹ́ àdúgbò náà á gbé iye tí wọ́n ti fohùn ṣọ̀kan lé lórí kalẹ̀ fún ọmọ ẹgbẹ́ tó ṣòfò. Ẹni tí kò rówó sìnkú òbí rẹ̀ kì í fẹ́ kí ará ilé rí òun. Ẹni tó bá mọ ìnira yìí á lóye ohun tí ìjọba Amẹ́ríkà fi mú àwọn ọkùnrin aláwọ̀ dúdú bíi 600 dání fún 40 ọdún ní Macon County, ní ìpínlẹ̀ Alabama.

Ọdún 1932 ni àwọn dókítà ìjọba àpapọ̀ bẹ̀rẹ̀ ìwádìí kan níbẹ̀ pẹ̀lú ilé ẹ̀kọ́ Tuskegee Institute. Àwọn 399 ní sífílíìsì, àwọn 201 kò ní. Àgbẹ̀ tálákà tó ń dáko lórí ilẹ̀ onílẹ̀ ló pọ̀ jù nínú wọn. Kò sẹ́ni tó dárúkọ àìsàn náà fún wọn. Wọ́n kàn ní ẹ̀jẹ̀ wọn kò dára ni. Àwọn dókítà fẹ́ mọ bí sífílíìsì tí a kò tọ́jú ṣe ń ba ara jẹ́, wọ́n sì fẹ́ la òkú wò. Nígbà kan wọ́n kọ lẹ́tà sí wọn pé ìtọ́jú pàtàkì ọ̀fẹ́ ń bọ̀. Abẹ́rẹ́ tí wọ́n fi fa omi láti inú ọ̀pá ẹ̀yìn wọn ni wọ́n ń pè ní ìtọ́jú, fún àyẹ̀wò tiwọn.

Ta ni yóò gbà kí wọ́n la òkú bàbá òun? Ibẹ̀ ni owó ìsìnkú ti wọlé. Àjọ Milbank Memorial Fund fi dọ́là 50 sílẹ̀ fún ìsìnkú lórí òkú kọ̀ọ̀kan tí ẹbí bá gbà kí wọ́n là. Nọ́ọ̀sì Eunice Rivers, aláwọ̀ dúdú bíi tiwọn, ló ń fi mọ́tò gbé wọn lọ sí ọsibítù, oúnjẹ gbígbóná wà lọ́jọ́ àyẹ̀wò, òun náà ló sì ń lọ bá ẹbí sọ̀rọ̀ lẹ́yìn ikú. Wọ́n ń pe gbogbo ètò yìí ní ẹgbẹ́ Mísì Rivers, bí ẹni pé ẹgbẹ́ aláfẹnifẹ́re ni. Èyí ló ká mi lára jù: ohun tí àwọn èèyàn yìí kà sí ọlá ni wọ́n fi dẹ wọ́n.

Nígbà tí pẹnisílíìnì fi di oògùn tí gbogbo ayé gbà fún sífílíìsì, wọn kò fún wọn. Lásìkò Ogun Àgbáyé Kejì, wọ́n tilẹ̀ fi orúkọ wọn ránṣẹ́ sí àwọn tó ń kó èèyàn wọṣẹ́ ológun, kí wọ́n má bàa tọ́jú wọn níbẹ̀.

Kò sì sí èyí tó pamọ́. Láti 1936 ni wọ́n ti ń tẹ àbájáde rẹ̀ sínú ìwé ìròyìn ìṣègùn, tí àwọn dókítà ń kà á. Ní 1953 Rivers àtàwọn tó bá a kọ̀wé to owó ìsìnkú náà mọ́ ọ̀nà tí wọ́n fi ń dá àwọn èèyàn náà dúró. Ní 1965, dókítà kan ní Detroit, Irwin Schatz, ka ìròyìn ọgbọ̀n ọdún iṣẹ́ náà, ó sì kọ lẹ́tà sí ẹni tó kọ ọ́ pé èyí kò bójú mu. Wọn kò dá a lóhùn. Peter Buxtun, òṣìṣẹ́ àjọ ìlera ìjọba tó ń ṣe iṣẹ́ náà fúnra rẹ̀, kọ tirẹ̀ láti 1966, wọn ò tẹ́tí sí i, títí ó fi kó ìwé fún oníròyìn. Ní oṣù Keje 1972, oníròyìn Jean Heller tú u síta, wọ́n sì dá iṣẹ́ náà dúró lọ́dún yẹn.

Lẹ́yìn tí àṣírí yìí tú, òfin 1974 ní Amẹ́ríkà ló sọ ọ́ di dandan pé kí ìgbìmọ̀ yẹ ìwádìí tí wọ́n ń ṣe lára èèyàn wò. Ní Ìbàdàn lónìí, ìgbìmọ̀ irú rẹ̀ wà fún Yunifásítì Ìbàdàn (UI) àti ilé ìwòsàn UCH. Owó tàbí ẹ̀bùn tí olùwádìí fẹ́ fún èèyàn wà lára ohun tí irú ìgbìmọ̀ bẹ́ẹ̀ ń bi í, bóyá ó pọ̀ débi tí tálákà kò fi ní lè sọ pé rárá.