Ọjọ́ Tí A Kò Wọn Òjò Kì í Ṣe Ọjọ́ Tí Òjò Kò Rọ̀

Ọ̀rọ̀ òjò la fẹ́ sọ lónìí, ṣùgbọ́n kì í ṣe ti irúgbìn. A fẹ́ mọ ọ̀nà tí ìròyìn òjò ń gbà kó tó dé etí wa.

Ẹ̀yin ará Dangbo, Bonou àti Aguégués mọ̀ pé omi odò Ouémé tó ń wọ oko yín ní oṣù kẹsàn-án, òjò tó rọ̀ sí yín lórí nìkan kọ́ ló kó o wá. Òjò òkè ló ń ṣàn bọ̀, láti apá Parakou àti Ṣábẹ̀ẹ́, tí ìwé ìjọba ń pè ní Savè. Ní ọdún 2010, omi yalé, ó sì kan ènìyàn tó ju 600,000 lọ ní Benin. Ẹni tó wà nísàlẹ̀ odò gbọ́dọ̀ gbọ́ ohun tó ṣẹlẹ̀ lókè, àbí?

Fún ọ̀pọ̀ ọdún, àwọn tó ń wọn ojú ọjọ́ kì í kọ lẹ́tà gígùn. Nọ́ńbà ni wọ́n ń fi ránṣẹ́, márùn-ún márùn-ún. Cotonou ni 65344, Ṣábẹ̀ẹ́ ni 65335. Tí ẹ bá rí 10283, 1 àkọ́kọ́ ń sọ pé ọ̀rọ̀ ooru ni. 0 ń sọ pé kò tutù tó ti yìnyín. 283 ni ìwọ̀n 28.3. Àrokò ni, ẹ ò rí i? Láyé àtijọ́, bí ẹnì kan bá fi owó ẹyọ mẹ́fà ránṣẹ́ sí ọ, ẹ̀fà ni, ọkàn rẹ̀ fà sí ọ. Ẹni tí kò mọ ìtumọ̀ á kàn ná owó náà ni.

Ní báyìí, kọ̀ǹpútà ló ń di àrokò yẹn. Àjọ ojú ọjọ́ àgbáyé, WMO, ṣe ìlànà méjì: BUFR fún ohun tí a wọ̀n, GRIB fún ohun tí kọ̀ǹpútà ńlá ṣírò nípa ọjọ́ tó ń bọ̀. Orúkọ wọn ni fáìlì wọn fi ń bẹ̀rẹ̀, 7777 ló fi ń parí, bí ìgbà tí a so ẹnu àpò. Ojú lásán ò lè ka ohun tó wà láàárín. Ó nílò apótí irinṣẹ́ tó mọ bí a ṣe ń tú u, bíi ecCodes tí àjọ ECMWF ti ilẹ̀ Yúróòpù ṣe. Ọ̀fẹ́ ni. Ọmọ wa tó kọ́ iṣẹ́ kọ̀ǹpútà ní Àjàṣẹ́ níbí lè lo irinṣẹ́ kan náà tí wọ́n ń lò ní Jámánì. Inú mi dùn sí èyí gan-an. Kò yẹ kí ọ̀rọ̀ òjò oko wa wà nínú àpótí tí ẹlòmíràn mú kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ lọ.

Ibi tí mo fẹ́ kí ẹ fetí sí rèé. Nínú àrokò márùn-ún márùn-ún yẹn, 3 ni àmì pé òjò kò rọ̀, 4 ni àmì pé a kò wọ̀n ọ́n. Nínú BUFR, kọ̀ǹpútà kò mọ̀ ju 0 àti 1 lọ, nítorí náà ohun tí a kò bá wọ̀n, 1 ni wọ́n fi ń kún gbogbo àyè rẹ̀. Bí ẹni tó ń tú fáìlì bá kánjú, tó sọ àyè náà di 0, ìròyìn á jáde pé Ṣábẹ̀ẹ́ gbẹ, bẹ́ẹ̀ òjò lè ti rọ̀ níbẹ̀ mọ́jú. Ìyá tó kó àgbàdo rẹ̀ sí etí odò ní Bonou ló máa jẹ gbèsè yẹn. Omi á wọ kànga, ìgbẹ́ gbuuru á tẹ̀ lé e.

Nítorí náà, bí ẹ bá gbọ́ lẹ́nu mi pé a kò rí ìròyìn gbà láti Ṣábẹ̀ẹ́, ẹ má gbọ́ ọ bíi pé òjò kò rọ̀ ní Ṣábẹ̀ẹ́ o. Ẹ lọ wo odò fúnra yín, ẹ gbé ẹrù sókè.

Ẹgbẹ́ tó bá ní ike ìwọ̀n òjò, ọjọ́ tí òjò kò rọ̀, ẹ kọ 0 sínú ìwé. Ọjọ́ tí ẹni tó ń wọ̀n ọ́n lọ síbi ìsìnkú, ẹ fa ìlà síbẹ̀. Ẹ má fi ojú díwọ̀n. Bí omi ọjọ́ méjì bá sì wà nínú ike, ẹ kọ ọ́ bẹ́ẹ̀, pé ti ọjọ́ méjì ni.