Ọpọlọ Ọmọdé àti Ìyà tí Kò Ní Àpá

Ọ̀pọ̀ wa ni ó gbà pé ìyà tí ó jẹ ọmọ ní kékeré, bí ojú egbò bá ti san, ti di ohun ìgbàgbé. Ṣùgbọ́n ohun tí àwọn oníṣègùn ti rí nínú ọpọlọ ọmọ tí a ń lù ní àlùbolẹ̀, tàbí tí a pa tì sí kọ̀rọ̀ yàrá bí ẹni tí kò sí láyé, fi hàn pé ìyà a máa wọ ibi tí ojú kò lè tó.

Ọpọlọ ọmọ kì í ti inú ìyá rẹ̀ jáde ní pípé. Ẹ̀yìn ìbí ni ó ń dàgbà, tí ó fi jẹ́ pé nígbà tí ọmọ bá pé ọdún 5, yóò ti tó nǹkan bí ìdá mẹ́sàn-án nínú mẹ́wàá ti àgbà ní títóbi. Ohun tí ó sì ń so àwọn iṣan inú rẹ̀ pọ̀ ni pé kí ọmọ pe ni, kí a sì jẹ́ ẹ: kí ó sunkún, kí a gbé e. Kí ó rẹ́rìn-ín, kí a rín sí i padà. Kí ìyá àgbà gbé e lé itan, kí ó máa kì í ní “Àkànní”, kí ọmọ tẹjú mọ́ ọn lẹ́nu, kí ètè tirẹ̀ náà sì máa mì. Ẹni tí ó bá ka oríkì òwúrọ̀ sí àṣà àtijọ́ lásán, oúnjẹ ọpọlọ ọmọ rẹ̀ ni ó ń bù kúrò nínú àwo.

Bí ẹ̀rù bá ba ọmọ, ara rẹ̀ a tú oje kan tí à ń pè ní kọ́tísọ́ọ̀lù sínú ẹ̀jẹ̀. Fún ìgbà díẹ̀, kò burú. Ṣùgbọ́n ọmọ tí ń gbọ̀n nígbàkigbà tí ó bá gbọ́ ìró bàtà alágbàtọ́ rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà, ètò oje yìí a dàrú nínú rẹ̀, apá ọpọlọ tí a fi ń rántí nǹkan lè kéré sí ti ẹgbẹ́ rẹ̀, èyí tí ń ṣọ́ ewu a sì máa ta gìrì sí ohun tí kò tó nǹkan. Irú ọmọ bẹ́ẹ̀ ni a ń pè ní olódo, tàbí oníjà.

Ìpatì nìkan, láìsí ẹgba, tó láti ba ọpọlọ jẹ́. Nígbà tí ìjọba apàṣẹwàá Ceaușescu ṣubú ní Ròmáníà ní oṣù Kejìlá ọdún 1989, ọmọ tí ó lé ní 100,000 ni a bá nínú àwọn ilé ìtọ́mọ ìjọba, níbi tí ọ̀pọ̀ ìkókó kò ti sunkún mọ́, nítorí pé ẹkún wọn kì í pe ẹnikẹ́ni wá. Ní ọdún 2000, àwọn olùwádìí mẹ́ta, Charles Nelson, Nathan Fox àti Charles Zeanah, bẹ̀rẹ̀ ìwádìí lórí 136 nínú irú ọmọ bẹ́ẹ̀ ní Bucharest, olú-ìlú Ròmáníà, wọ́n sì fa ìdajì wọn lé alágbàtọ́ lọ́wọ́. Àwọn tí ó bọ́ sọ́wọ́ alágbàtọ́ kí wọ́n tó pé ọdún 2, nígbà tí wọn yóò fi di ọmọ ọdún 8, agbára iná tí ń ṣiṣẹ́ nínú ọpọlọ wọn ti fẹ́rẹ̀ẹ́ bá ti ọmọ tí a tọ́ nílé dọ́gba. Kékeré ni a ti ń pẹ̀ka ìrókò. Síbẹ̀, ọmọ tí ó ti ju ọdún 2 lọ kì í ṣe ẹni àpatì.

Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọ ti Nàìjíríà, ti ọdún 2003, ka ìpatì pọ̀ mọ́ ìlùkulù, ọmọ ọ̀dọ̀ kò sì yọ sílẹ̀ níbẹ̀. Àwọn baba wa ní bí a bá fi ọwọ́ òsì na ọmọ, kí a fi ọ̀tún fà á mọ́ra. Ọwọ́ ọ̀tún yìí ni àwa òṣìṣẹ́ ìlera ń tọrọ lọ́wọ́ yín. Bí ẹ bá rí ọmọ tí ìbẹ̀rù ti sọ di odi, ẹ mú un wá sí ilé ìwòsàn tí ó súnmọ́ yín. Òbí tí ọwọ́ rẹ̀ sì ń yá sí ẹgba ju bí òun fúnra rẹ̀ ti fẹ́ lọ, kí ó wá, a ó bá a jókòó sọ̀rọ̀ ní ìkọ̀kọ̀.