Kóòdù Ilé Ìwòsàn fún Ọgbẹ́ Tó Gé Iṣan Ẹ̀jẹ̀ Ọwọ́

Wọ́n ní kí n sọ̀rọ̀ lórí iṣẹ́ tí mo ṣe lábẹ́ ìjọba kí n tó fẹ̀yìn tì, èyíinì ni àkọsílẹ̀ àwọn aláìsàn. Ọ̀rọ̀ náà gbòòrò, nítorí náà ẹyọ kan ni mo mú: ọgbẹ́ tó bá gé iṣan ẹ̀jẹ̀ ní ọrùn ọwọ́ tàbí àtẹ́lẹwọ́. Ìdí ni pé ọwọ́ ni ọ̀pọ̀ nínú wa ní Òkè Ọya yìí fi ń jẹun. Ẹni tí kì í bá ṣe télọ̀, wẹ́dà ni, tàbí káfíńtà, tàbí ẹni tó ń gé gíláàsì fèrèsé.

Kí ni kóòdù? Dókítà méjì lè rí ọgbẹ́ kan náà kí wọ́n má kọ ọ́ bákan náà. Bí a bá fẹ́ ka iye ènìyàn tó farapa, a ní láti sọ ọ̀rọ̀ wọn di nọ́ńbà kan ṣoṣo. Jacques Bertillon, ọmọ ilẹ̀ Faransé, gbé irú ìwé bẹ́ẹ̀ kalẹ̀ lọ́dún 1893 fún ohun tó ń pa ènìyàn. Lọ́dún 1948 ni Àjọ Ìlera Àgbáyé gbà á sọ́wọ́, wọ́n sì fi àìsàn àti ìfarapa tí kò pa ènìyàn kún un. Ìkẹwàá irú rẹ̀, ICD-10, ni wọ́n fọwọ́ sí lọ́dún 1990. Ìkọkànlá ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ láti oṣù kìn-ín-ní ọdún 2022, ṣùgbọ́n ìkẹwàá ni mo fi ṣiṣẹ́, òun ni màá fi ṣàlàyé.

Iṣan ńlá méjì ló ń gbé ẹ̀jẹ̀ wọ ọwọ́. Ọ̀kan gba ẹ̀gbẹ́ àtàǹpàkò. Òun ni nọ́ọ̀sì ń tẹ̀ nígbà tó bá ń ka bí ọkàn ṣe ń lù. Radial ni wọ́n ń pè é. Èkejì, ulnar, gba ẹ̀gbẹ́ ọmọńdinrín. Nígbà tí wọ́n bá dé àtẹ́lẹwọ́, wọ́n so kọ́ra bí ọrun ọdẹ lọ́nà méjì: ọ̀kan sún mọ́ awọ, ọ̀kan wà nísàlẹ̀ lẹ́bàá egungun. Ibẹ̀ ni ẹ̀ka ti ń lọ sí ìka.

S65 ni kóòdù gbogbo wọn. S65.0 ni ulnar, S65.1 ni radial, S65.2 ni ọrun òkè, S65.3 ni ti ìsàlẹ̀. Àtàǹpàkò ni S65.4, ìka yòókù ni S65.5. Bí iṣan tó gé bá ju ẹyọ kan lọ, S65.7 ni. S65.9 sì wà fún èyí tí a kò sọ iṣan tó jẹ́. Mo kórìíra S65.9! Ní Amẹ́ríkà, láti oṣù kẹwàá ọdún 2015, kóòdù wọn ti gùn sí i: S65.011A sọ pé iṣan ulnar ló ya, ọwọ́ ọ̀tún ni, wọ́n sì ṣì ń tọ́jú ọgbẹ́ náà gan-an. ICD-10 ti Àjọ Ìlera kò sọ ọ̀tún tàbí òsì, dókítà ló gbọ́dọ̀ kọ ọ́ sínú fáìlì.

Ibi tí wàhálà wà nìyí. Nítorí pé iṣan méjì ló ń bọ́ ọwọ́, bí ọ̀kan bá gé, ọwọ́ ṣì lè móoru, kí ẹ̀jẹ̀ dá, kí a rò pé ó ti tán. Ẹni tó ń kọ kóòdù kò sì láṣẹ láti méfò. Ohun tí dókítà bá kọ ló máa lò. Mo rántí fáìlì ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń gé gíláàsì. “Ọgbẹ́ ọwọ́, a ti rán an” ni gbogbo ohun tó wà níbẹ̀. S61 nìkan ló bá a mu, ìyẹn ọgbẹ́ lásán. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mélòó kan ó padà wá, ọmọńdinrín àti ìka tó tẹ̀ lé e kò mọ gbígbóná tàbí tútù mọ́. Iṣan ìmọ̀lára, tí kóòdù rẹ̀ jẹ́ S64.0, ń bá iṣan ẹ̀jẹ̀ ulnar rìn pọ̀. Gíláàsì kan lè gé méjèèjì. Nígbà tó béèrè owó gbà-má-bínú, fáìlì yẹn ni ọ̀gá rẹ̀ tọ́ka sí, pé ọgbẹ́ kékeré ni.

Kóòdù mìíràn tún wà fún ohun tó fa ọgbẹ́: W25 fún gíláàsì, W26 fún ọ̀bẹ, X99 fún ẹni tí wọ́n fi ohun mímú ṣá. Àwọn òbí máa ń sọ pé ọmọ ṣubú lé ìgò nígbà tó jẹ́ pé wọ́n ṣá a níbi ìjà ni. Ojú ń tì wọ́n, ó yé mi, ṣùgbọ́n ìṣirò ìlú ti dàrú nìyẹn.

Òfin ọdún 2010 lórí òṣìṣẹ́ tó farapa ní kí òṣìṣẹ́ sọ fún agbanisíṣẹ́ láàárín ọjọ́ 14, kí agbanisíṣẹ́ sì ròyìn láàárín ọjọ́ 7. Ọdún kan ni a ní láti fi béèrè owó lọ́wọ́ NSITF. Nítorí náà, kí ẹ tó kúrò lọ́dọ̀ dókítà, ẹ bi í léèrè iṣan tó gé, ẹ ní kó kọ ọwọ́ tó jẹ́, irinṣẹ́ tó gé e, àti bóyá gbogbo ìka ṣì ń mọ ìfọwọ́kàn. Ẹ gba ẹ̀dà ìwé náà. Mo ti ya àwòrán iṣan méjèèjì sí pátákó, ó máa wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹnu ọ̀nà gbọ̀ngàn títí ìdánilẹ́kọ̀ọ́ yóò fi parí.