Ọmọ Ṣàǹgótẹ̀dó mọ James Joyce, kò mọ Fágúnwà: kí ló fà á?

Ìyá kan tó ń gbọ́ wa láti Ṣàǹgótẹ̀dó ló fi ohùn ránṣẹ́ sí wa lórí WhatsApp lọ́sẹ̀ tó kọjá. Ó ní wọ́n fún ọmọ òun tó wà ní JSS 2 ní iṣẹ́ àṣetiléwá pé kó kọ nípa àwọn òǹkọ̀wé ilẹ̀ Ireland. Ọmọ jókòó ti fóònù, kò pẹ́ rárá tó fi kọ orúkọ mẹ́fà sílẹ̀. Ìyá wá bi í pé, "Fágúnwà ńkọ́, ṣé o mọ̀ ọ́n?" Ọmọ ní, "Mummy, ṣé àdúgbò kan ní Ajah ni?"

A gbé ohùn yẹn sáfẹ́fẹ́, àwọn èèyàn sì ń pè wá títí ètò fi parí. Àwọn kan ń rẹ́rìn-ín, àwọn kan ń bínú sí ilé-ìwé, bàbá kan láti Badore ní ìyá gan-an ló lẹ̀bi. Àkókò kò tó wa lórí afẹ́fẹ́, ni mo ṣe ní kí n kọ ìyókù síbí: báwo ni àwọn òǹkọ̀wé Ireland ṣe lórúkọ tó báyìí, kí ló sì ń ṣẹlẹ̀ sí tiwa?

Ireland kò tóbi. Nígbà tí wọ́n ka èèyàn níbẹ̀ lọ́dún 2022, iye wọn kàn lé díẹ̀ ní mílíọ̀nù márùn-ún ni. Èèyàn tó wà l'Ékòó nìkan ju bẹ́ẹ̀ lọ dáadáa. Síbẹ̀, mẹ́rin nínú àwọn òǹkọ̀wé wọn ló ti gba ẹ̀bùn Nobel: W. B. Yeats lọ́dún 1923, George Bernard Shaw lọ́dún 1925, Samuel Beckett lọ́dún 1969, àti Seamus Heaney lọ́dún 1995. James Joyce tí ọmọ wa kọ́kọ́ kọ sílẹ̀ kò tilẹ̀ gbà á rárá.

Ṣùgbọ́n kì í ṣe ẹ̀bùn ló jẹ́ kí àwọn ará ilé wọn mọ̀ wọ́n. Ní Dublin, tó jẹ́ olú-ìlú wọn, afárá James Joyce wà lórí odò Liffey láti ọdún 2003, ti Samuel Beckett sì tẹ̀ lé e lọ́dún 2009. Kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í ná Yúróò, àwòrán Yeats ti wà lórí owó wọn rí, ti Joyce náà ti wà níbẹ̀ rí. Tó bá di ọjọ́ 16 oṣù Kẹfà lọ́dọọdún, àwọn èèyàn á wọ aṣọ ayé àtijọ́, wọ́n á máa rìn gba àwọn òpópónà tí Joyce dárúkọ nínú ìwé rẹ̀, Ulysses, wọ́n á máa kà á sókè lójú títì. Ẹ fojú inú wò ó ná, kí àwa náà máa wọ aṣọ ọdẹ lẹ́ẹ̀kan lọ́dún, ká gbé ìbọn onígi kọ́ èjìká bíi ti Àkàrà-ògùn, ká máa rìn láti Jákàńdè lọ sí Ajah. Pẹ̀lú sún-kẹrẹ-fà-kẹrẹ ojú ọ̀nà yẹn, àfàìmọ̀ ká má ṣáájú àwọn tó wọkọ̀ débẹ̀.

Ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti kan wa gbọ̀ngbọ̀n rèé. Gbogbo àwọn tí mo dárúkọ yìí, Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi kọ̀wé (Beckett fi Faransé kún tiẹ̀). Gẹ̀ẹ́sì kì í sì í ṣe èdè àwọn baba ńlá Ireland. Gaelic ni èdè wọn. Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ló kọ́kọ́ tì í sẹ́yìn. Nígbà tó di ọdún 1845, pòtétò tí àwọn mẹ̀kúnnù fi ń jẹun bẹ̀rẹ̀ sí í jẹrà nínú oko, ìyàn mú, nǹkan bíi mílíọ̀nù kan èèyàn ló kú, àwọn tó sì sá lọ sí òkè òkun ju bẹ́ẹ̀ lọ. Àwọn tó ń sọ Gaelic ní ìgbèríko ni ọ̀rọ̀ yìí bá jù. Lẹ́yìn náà, àwọn òbí fúnra wọn bẹ̀rẹ̀ sí í rò pé ọmọ tí kò bá gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì kò ní ríṣẹ́. Láwọn ilé-ìwé kan, wọ́n á so igi kékeré mọ́ ọmọ lọ́rùn. Tó bá ti sọ Gaelic, wọ́n á fi ọ̀bẹ fín ilà kan sára igi náà, tílẹ̀ bá ṣú, iye ilà ni iye pàṣán.

Ṣé ìyẹn jọ nǹkan tí ẹ mọ̀? Nígbà tí mo wà ní alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, náírà márùn-ún là ń san tí wọ́n bá gbọ́ Yorùbá lẹ́nu wa. "Vernacular" ni wọ́n ń pè é, wọ́n á sì kọ orúkọ ẹni sára pátákó. Owó tí mo san níbẹ̀ kò kéré, èmi tí mo wá ń fi Yorùbá jẹun lónìí.

Ní Ireland lónìí, òfin orílẹ̀-èdè wọn ló sọ pé Gaelic ni èdè ìjọba àkọ́kọ́. Ó wà lára pátákó ojú títì, èyí tó pọ̀ jù nínú àwọn ọmọ ló sì ń kọ́ ọ nílé-ìwé. Ṣùgbọ́n nínú ìkànìyàn ọdún 2022 yẹn, nǹkan bí 72,000 èèyàn péré ló ní àwọn ń sọ ọ́ lójoojúmọ́ yàtọ̀ sí inú kíláàsì.

Ẹ jẹ́ kí n wá fi ìwé méjì wéra wọn, nítorí ọdún kan náà ni wọ́n jáde, ìyẹn 1949.

Ìwé kìíní ni Cré na Cille, tí Máirtín Ó Cadhain fi Gaelic kọ. Itumọ̀ orúkọ rẹ̀ kò jìnnà sí "erùpẹ̀ itẹ́ òkú." Gbogbo ẹni tó ń sọ̀rọ̀ nínú ìwé náà ló ti kú, tí wọ́n ti sin wọ́n, àmọ́ ẹnu wọn kò dákẹ́. Wọ́n ń ṣòfófó, wọ́n ń bú ara wọn, wọ́n ń jiyàn lórí sàréè ta ló gbowó lórí jù. Ìyá arúgbó kan wà níbẹ̀ tí kò tíì dárí ji àbúrò rẹ̀ tó ṣì wà láyé. Ẹni tí wọ́n bá ṣẹ̀ṣẹ̀ sin ló ń kó ìròyìn òkè ilẹ̀ wá fún wọn, gbogbo wọn á sì dà bò ó. Èmi tí mo jẹ́ olóòtú ìròyìn, ibẹ̀ pa mí lẹ́rìn-ín.

Ìwé kejì ni Igbó Olódùmarè, tí Daniel Fágúnwà, ọmọ Òkè-Igbó, kọ. Olówó-ayé, bàbá Àkàrà-ògùn, ló wọ inú igbó tó kún fún iwin àti ẹ̀mí àìrí, tó sì rí ohun tójú kì í rí. Olùkọ́ ni Fágúnwà, olùkọ́ ni Ó Cadhain. Èdè ilé wọn ni àwọn méjèèjì fi kọ́ ilé ńlá sókè, wọn ò tọrọ ààyè lọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ọdún 2010 ni Wọlé Ṣóyínká tó tẹ ìtumọ̀ Igbó Olódùmarè jáde lédè Gẹ̀ẹ́sì, ọdún 61 lẹ́yìn tí wọ́n kọ ọ́. Ti Cré na Cille pẹ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ: ọdún 2015 ni ìtumọ̀ Gẹ̀ẹ́sì àkọ́kọ́ tó délé ìtàwé.

Fún nǹkan bí ọdún 66 yẹn, ọ̀pọ̀ ará Ireland ló mọ̀ pé ìwé ńlá ni, wọ́n ń fi yangàn, ṣùgbọ́n wọn ò lè kà á. Ti Fágúnwà kò rí bẹ́ẹ̀. Láti ìgbà tí Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmọlẹ̀ ti jáde lọ́dún 1938, ẹni tó bá lè ka Yorùbá ti lè kà á. Ọ̀pọ̀ bàbá àti ìyá wa ló kà á ní kíláàsì. Nígbà tí Fágúnwà kú sínú odò lọ́dún 1963, gbogbo ilẹ̀ Yorùbá ló mọ ẹni tó lọ. Ọmọ ọmọ àwọn tó ṣọ̀fọ̀ rẹ̀ ló ń béèrè bóyá àdúgbò ni yìí. Tí ọmọ náà bá tilẹ̀ fẹ́ ka Fágúnwà, ìtumọ̀ Gẹ̀ẹ́sì Ṣóyínká ni yóò rọ̀ ọ́ lọ́rùn jù. Ibi tí Ireland dé lẹ́yìn ìyàn àti pàṣán, àwa ń fẹsẹ̀ ara wa rìn lọ síbẹ̀ nínú ẹ́síteètì.

Ẹnikẹ́ni má sì sọ fún mi pé Èkó kì í ṣe ilé ìwé Yorùbá. Lọ́dún 1922 tí Ulysses jáde, Adéoyè Dénígà dá ìwé ìròyìn Èkó Akéte sílẹ̀ l'Ékòó. Ẹlẹ́tì Ọfẹ tẹ̀ lé e lọ́dún 1923. Nígbà tó di 1928, Isaac Babalọlá Thomas gbé Akéde Èkó jáde. Láti oṣù Keje ọdún 1929 ló ti ń tẹ lẹ́tà obìnrin kan tó ń jẹ́ Sẹ̀gilọlá sínú rẹ̀ lọ́sẹ̀ dé ọ̀sẹ̀. Arẹwà tó ti gbáyé gbafẹ́, tí àìsàn wá dé mọ́lẹ̀, tó ń ka ẹ̀ṣẹ̀ ara rẹ̀. Àwọn ará Èkó rò pé èèyàn gidi ni, wọ́n ń kọ̀wé sí olóòtú nípa rẹ̀. Thomas fúnra rẹ̀ ló ń kọ gbogbo ẹ̀. Ó sọ ọ́ di ìwé lọ́dún 1930, ọ̀pọ̀ ọ̀mọ̀wé sì gbà pé òun ni ìwé ìtàn àròsọ Yorùbá àkọ́kọ́. Láti Lekki, ẹ sọdá afárá, ẹ ti dé Erékùṣù Èkó tí ìtàn yẹn ti ṣẹlẹ̀.

Àwọn tó pè wá béèrè nípa àwọn tiwa tó fi Gẹ̀ẹ́sì kọ̀wé. Ṣóyínká gba Nobel lọ́dún 1986, ìjọba sì fi orúkọ rẹ̀ sọ gbọ̀ngàn eré ìtàgé ńlá tó wà ní Ìgànmú lọ́dún 2024, nítorí náà a kì í ṣe aláìmoore pátápátá. Amos Tutùọlá, iṣẹ́ ìránṣẹ́ ló ń ṣe ní ọ́fíìsì ìjọba l'Ékòó nígbà tó kọ The Palm-Wine Drinkard, tí wọ́n tẹ̀ ní London lọ́dún 1952. Yorùbá ló ń rò, Gẹ̀ẹ́sì ló ń kọ. Àwọn ọ̀mọ̀wé wa kan ń tijú nítorí rẹ̀. Ohun tí J. M. Synge ṣe ní Ireland kò yàtọ̀: Gẹ̀ẹ́sì tó ń dún bíi Gaelic ló fi kọ eré, àwọn èèyàn sì dá rúgúdù sílẹ̀ nígbà tí wọ́n ṣe The Playboy of the Western World ní Dublin lọ́dún 1907. Ọgọ́rùn-ún ọdún lẹ́yìn ìyẹn gẹ́lẹ́, lórí ìtàgé Abbey kan náà, ọmọ Nàìjíríà tó ń jẹ́ Bísí Adígún àti Roddy Doyle jọ tún eré náà kọ, wọ́n sì sọ ọkùnrin inú rẹ̀ di ọmọ Nàìjíríà tó sá wá sí Dublin.

Òfin wà fún ọ̀rọ̀ èdè yìí níbí o. Lọ́dún 2018, Gómìnà Akínwùmí Àḿbọ̀dé fọwọ́ sí òfin pé gbogbo alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ àti girama ní Ìpínlẹ̀ Èkó, tìjọba àti ti aládàáni, gbọ́dọ̀ máa kọ́ ọmọ ní Yorùbá. Àmọ́ ohun tí àwọn òbí láti Ìkọ̀tà títí dé Lángbásá ń sọ fún wa ni pé òǹkà àti ẹ̀yà ara ni ọmọ ń kọ́, kò tíì dórí ìwé kíkà. Ẹni tó mọ "imú" àti "etí" kò tíì lè wọ igbó Fágúnwà. Àmì ohùn gan-an ń dààmú wọn. Ẹ wo ibùdókọ̀ Igbó Ẹfọ̀n tí gbogbo wa ń gbà kọjá. Kò sí àmì lórí pátákó, nítorí náà ọmọ kò mọ̀ bóyá ẹranko oníwo ni àbí ẹ̀fọn tó ń fa ẹ̀jẹ̀, ẹlòmíì á tilẹ̀ rò pé àwọn ará Igbo ló ni ibẹ̀.

Ìyá Ṣàǹgótẹ̀dó tún fi ohùn ránṣẹ́ ní àárọ̀ àná. Ó ní òun ti rí Ògbójú Ọdẹ rà ní Erékùṣù Èkó, àwọn méjèèjì sì ń ka ojú ewé kan lálẹ́. Ó ní ó ń lọ díẹ̀díẹ̀, torí òun gan-an ti gbàgbé ọ̀rọ̀ púpọ̀. Ọmọ ti bi í bóyá "igbó" inú ìwé yẹn ni "igbó" tí kọ́ńdọ́ ń pè ní ibùdókọ̀. Ní ti iṣẹ́ àṣetiléwá, ó fi Fágúnwà ṣe ìkeje lábẹ́ àwọn ará Ireland mẹ́fẹ̀ẹ̀fà, wọn ò sì tíì dá ìwé náà padà fún un.