Tí Bàbá àti Ìyá Bá Ń Yan Odì, Ọmọ Mọ̀

"Lọ sọ fún dádì ẹ pé oúnjẹ ti délẹ̀." Dádì ọ̀hún sì rèé ní pálọ̀, ó ń gbọ́ gbogbo ẹ̀. Ẹ̀yin òbí tó ń yan odì, tẹ́ ẹ wá sọ ọmọ di ìránṣẹ́ láàrin ara yín, ẹ má rò pé kò mọ̀ o.

Ọmọ ọwọ́ pàápàá ń fura. Lọ́dún 1975, Edward Tronick, onímọ̀ nípa ìwà ọmọdé ní Amẹ́ríkà, ṣàlàyé àyẹ̀wò kan: ìyá á bá ọmọ rẹ̀ ṣeré, lẹ́yìn náà á dákẹ́, á kàn máa wò ó láìrẹ́rìn-ín. Ọmọ á rẹ́rìn-ín sí i, kó lè dá a lóhùn; nígbà tí kò bá rí èsì, á yíjú kúrò. Ẹnikẹ́ni ò pariwo o!

Ewu ibẹ̀ ni pé ọmọ lè máa dá ara rẹ̀ lẹ́bi. Ẹ ò ní láti ro ẹjọ́ fún un. Ẹ kàn sọ pé: "Aáwọ̀ díẹ̀ ló wà láàrin èmi àti mọ́mì ẹ, a máa yanjú ẹ̀. Kì í ṣe ẹ̀bi ẹ." Tẹ́ ẹ bá sì ti parí ìjà, ẹ jẹ́ kójú ẹ̀ rí i.