Kòrónà ti jẹ́lé-ó-sinmi pa l'Ékòó, lowó bá di àwátì lọ́wọ́ àwọn ìyá ọmọ

Ọjọ́ kẹtàlélógún, oṣù Kẹta, ọdún 2020, nìjọba Èkó ti gbogbo ilé-ìwé pa nítorí àrùn Kòrónà, wọn ò yọ jẹ́lé-ó-sinmi sílẹ̀. Ara ò kọ́kọ́ fu àwọn ìyá ọmọ, torí lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan ni òfin kónílé-ó-gbélé dé, tìyátọmọ bá jọ jókòó sílé.

Ìgbà tí wọ́n dẹ òfin náà lọ́jọ́ kẹrin, oṣù Karùn-ún, ni wàhálà bẹ̀rẹ̀. Wọ́n ṣí ọ́fíìsì, wọ́n ṣí ṣọ́ọ̀bù, àmọ́ ilé-ìwé ṣì wà ní títì. Ọ̀gá ń pe ìyá ọmọ pé kó máa bọ̀ níbi iṣẹ́, ta ni yóò gbé ọmọ ọdún méjì tì? Ẹni tí ìyá rẹ̀ wà nítòsí ríbi sá sí. Ẹni tí ò ní, àfi kó gbọ́mọ pọ̀n lọ sọ́jà, tàbí kó fiṣẹ́ sílẹ̀. Bí owó èèyàn méjì ṣe di tẹnì kan nílé ọ̀pọ̀ wọn nìyẹn.

Àwọn tó ni jẹ́lé-ó-sinmi náà ò rọ́rùn fi sùn. Ọmọ ò wá, owó ò wọlé, lánlọ́ọ̀dù ò sì mọ̀ pé Kòrónà dé. Lóṣù Kẹsàn-án ọdún náà, ìjọba àpapọ̀ gbé ètò Survival Fund jáde, láti fi bá àwọn oníṣẹ́ kéékèèké sanwó òṣìṣẹ́ fóṣù mẹ́ta. Àmọ́ ẹni tó ti forúkọ iṣẹ́ ẹ̀ sílẹ̀ lọ́dọ̀ ìjọba lọ̀rọ̀ kàn. Mélòó nínú àwọn tó ń gba ọmọ ọlọ́mọ sí pálọ̀ wọn ló níwèé lọ́wọ́?

Jẹ́lé-ó-sinmi kì í ṣe ibi eré ọmọdé lásán, òun ló ń jẹ́ kí ìyá ríṣẹ́ ṣe. Bírú àrùn bẹ́ẹ̀ bá tún dé, kíjọba tó ní kí òṣìṣẹ́ padà sẹ́nu iṣẹ́, kí wọ́n kọ́kọ́ wí ibi tọ́mọ máa wà.